Bí Ọdẹ́bùnmi Ṣe Bá Olú Mulẹ̀ ní Igbó Òwú

Kò sí ìlú tó ń jẹ́ Ajùbà mọ́. Bí ènìyàn bá lọ sí ibi tí ó wà tẹ́lẹ̀, àpáàdì ni yóò bá nílẹ̀, àti ọ̀pẹ mélòó kan tí iná sọ ara wọn di dúdú láti ìsàlẹ̀ dé ìdajì. Ìlú alágbẹ̀dẹ àti aláró ni Ajùbà. Ọjà rẹ̀ a máa kún ní ọrọọrún, odi rẹ̀ sì ga ju ènìyàn méjì lọ. Arógunmásàá, Balógun Ìlọ̀dàn, ló sọ ọ́ di ahoro láàárín ọjọ́ kan ṣoṣo. Ọkùnrin yìí kò fi ara rẹ̀ pe ọba, ṣùgbọ́n ọba mẹ́tàdínlógún ló ń dọ̀bálẹ̀ fún un. Bí ó bá ṣẹ́gun ìlú kan, á kó àwọn ọ̀dọ́kùnrin ibẹ̀, á fi ọ̀kọ̀ lé wọn lọ́wọ́, á sì lé wọn lọ sí ìlú tó kàn, tó fi jẹ́ pé àwọn tí ó sun ilé wọn lánàá ni ó ń rán láti sun ilé ẹlòmíràn lónìí. Ìdí nìyí tí ogun rẹ̀ fi ń pọ̀ sí i dípò kí ó dín kù. Ìlú tí ó bá sì ti pa, kì í padà sórí rẹ̀, àfi bí ó bá gbọ́ pé ẹnì kan bọ́.

Àwọn tó bọ́ ní Ajùbà jẹ́ mẹ́tàléláàádọ́rin. Olóyè kan ṣoṣo tó kù láàyè, Láwóyin, ló kó wọn jáde gba ojú ihò tí omi ìdọ̀tí ń gbà. Láwóyin yìí ni baba ńlá tèmi tí mò ń kọ ìtàn yìí. Nítorí náà, bí mo bá dé ibi tí ó ti ṣe ohun tí kò wù mí, n kò ní fò ó. Igbó tí wọ́n sá wọ̀ ni Igbó Òwú. Àwọn ọdẹ kì í sùn níbẹ̀. Bí ènìyàn bá tú ewé gbígbẹ tó wà nílẹ̀ igbó náà, fọ́nrán funfun ni yóò rí, tí ó lọ síhìn-ín tí ó lọ sọ́hùn-ún bí òwú tí a ṣẹ̀ṣẹ̀ ran, tí kò sì ní òpin. Àwọn tó gbàgbé ara wọn sùn níbẹ̀ rí tú fọ́nrán náà kúrò lẹ́sẹ̀ wọn nígbà tí ilẹ̀ mọ́. Ṣùgbọ́n ẹni tí Arógunmásàá ń lé kò ní igbó tí yóò kọ̀.

Nínú àwọn mẹ́tàléláàádọ́rin náà ni Ọdẹ́bùnmi wà, Àjíún ọmọ ọdẹ, obìnrin gíga tí kì í gbé ohùn sókè, a-rìn-nínú-ẹ̀gún-láìtàsé, ẹni tí ń fi imú lásán mọ olú tó ń bọ́ni yàtọ̀ sí olú tó ń pani. Ọdẹ ni baba rẹ̀, ṣùgbọ́n olú ni òun ń já tà kí ogun tó dé. Ọkọ rẹ̀ kú lórí odi. Àbúrò rẹ̀ obìnrin, Abíọ́nà, ló kù ú kù, ọfà sì ti wọ Abíọ́nà ní itan. Wọ́n yọ ọfà náà, ṣùgbọ́n ní ọjọ́ kẹta ẹsẹ̀ wú, ojú egbò ń rùn, ọmọbìnrin náà sì bẹ̀rẹ̀ sí í pe àwọn òkú lórúkọ. Ọdẹ́bùnmi gbé e ti ẹ̀gbẹ́ ọ̀gán kan, ilé ìkán tó ga tó ilé ènìyàn, kí ó lè rí ibi fẹ̀yìn tì. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, fọ́nrán funfun ti jáde láti ara ọ̀gán náà, ó ti bo egbò náà pátá bí ẹni fi aṣọ dì í.

Àwọn ènìyàn pariwo pé kí wọ́n fi ọ̀bẹ họ ọ́ kúrò. Láwóyin gan-an ti yọ ọ̀bẹ. Ọdẹ́bùnmi bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó gbóòórùn egbò náà, ó sì na ọwọ́ dí wọn lọ́nà. "Bàbá, ẹ fi sílẹ̀. Kò rùn mọ́." Lẹ́yìn náà ó ki ọwọ́ ara rẹ̀ bọ inú ilẹ̀ níbi tí fọ́nrán náà ti jáde, nítorí ó fẹ́ mọ irú olú tí ó jẹ́. Ohùn kan wọ inú rẹ̀. Kò gba etí wọlé. Ó ní egungun ọwọ́ òun ló gbà, bí ìgbà tí alágbẹ̀dẹ bá lu irin tí ènìyàn di orí rẹ̀ kejì mú.

"Ìwọ ni ẹni àkọ́kọ́ tó fi ọwọ́ kàn mí tí kò fi ọ̀bẹ kàn mí," ni ohùn náà wí.

Ẹ̀rù bà á, ṣùgbọ́n kò fa ọwọ́ yọ. "Ta ni ẹ̀yin?"

"N kò ní orúkọ. Èmi ni mo wà lábẹ́ igbó yìí láti etí odò títí dé ẹsẹ̀ òkè. Olú tí ẹ máa ń já, ìka ọwọ́ mi ni."

"A ti já yín pẹ́. Ṣé ó ń dùn yín?"

"Rárá. Bí ẹ kò bá já a, á rà. Iná tó jó ní ijọ́ mélòó kan sẹ́yìn ló dùn mí." Ohùn náà ń bá ọ̀rọ̀ rẹ̀ lọ: "Igi ń fún mi ní adùn tí ó rí gbà lọ́wọ́ oòrùn, èmi náà sì ń wá omi fún igi. Ìkán kọ́ ilé fún mi, èmi ni mò ń bọ́ ìkán. Kò sí ẹni tó ń gbé ọ̀dọ̀ mi tí kò mú nǹkan wá. Ẹ̀yin ńkọ́? Kí ni ẹ mú wá?"

Ọdẹ́bùnmi wo ẹ̀yìn rẹ̀. Ìkòkò mẹ́ta ni gbogbo wọn ní, àdá méjì, àti ewúrẹ́ kan tó ń tiro. "A kò mú nǹkan kan wá," ó dáhùn. "Wọ́n ti gbà á tán. Ẹsẹ̀ nìkan ni a ní."

"Kí ni ẹsẹ̀?"

"Òun ni mo fi dé ibí. Ó ń gbé ènìyàn kọjá ibi tí kò sí igi, ó ń gbé e kọjá ibi tí iná ti jó."

Ohùn náà tún sọ̀rọ̀. Ó ní iná Ajùbà ti wọ ẹ̀bá igbó, ó sì ti jó ilẹ̀ kan tó fẹ̀, tó fi jẹ́ pé àràbà mẹ́rìnlá ló dá dúró ní òdìkejì ilẹ̀ jíjó náà. Òun ń gbọ́ bí òùngbẹ ṣe ń gbẹ wọ́n, òun kò sì rí ọ̀nà dé ọ̀dọ̀ wọn. Ọdẹ́bùnmi kò bá ẹnikẹ́ni gbìmọ̀. Ó fi àdá gé ìṣù ilẹ̀ kan lára ọ̀gán náà, fọ́nrán rẹ̀ ń gbọ̀n lára rẹ̀, ó gbé e rù, ó rin ilẹ̀ jíjó náà já nínú oòrùn ọ̀sán, ó sì sin ín sí ìdí àràbà àkọ́kọ́. Ìgbà mẹ́rìnlá ni ó lọ tí ó bọ̀. Ní ìgbà kẹfà, àwọn obìnrin mẹ́ta dìde tẹ̀ lé e. Ní ìgbà kẹwàá, ó kù díẹ̀ kí gbogbo wọn wà lójú ọ̀nà. Ọjọ́ náà ni wọ́n bá Olú mulẹ̀. Orúkọ yìí ni wọ́n fún un nígbà tí kò ní orúkọ tirẹ̀. Abíọ́nà fi ẹsẹ̀ ara rẹ̀ rìn lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ méjì, àpá funfun sì wà ní itan rẹ̀ títí ó fi darúgbó.

Wọ́n tẹ̀dó. Ibi tí Olú bá ní kí wọ́n gé igi ni wọ́n ń gé, ibi tí ó bá ní kí wọ́n fi sílẹ̀ ni wọ́n ń fi sílẹ̀. Iṣu wọn ta ní ilẹ̀ tí kò sí ẹni tó gbàgbọ́ pé iṣu lè ta. Bí ẹnì kan bá kú, inú ewé ni wọ́n ń dì í sí, wọ́n á sin ín sí ìdí igi tí kò lágbára, kí ó lè ṣe igi náà àti Olú láǹfààní. Oṣù méje ni wọ́n fi wà báyìí láìsí ìdààmú. Nígbà tí ọyẹ́ dé, Arógunmásàá gbọ́ pé àwọn kan bọ́.

Ó wá pẹ̀lú ọmọ ogun ẹgbẹ̀rún méjì. Ó pàgọ́ sí òdìkejì Odò Àwẹ̀rí tó pààlà igbó náà, lórí ọ̀dàn gbalasa tí kò ní igi, ó sì rán ikọ̀ sí wọn. Ikọ̀ náà dúró sí etí odò, ó ní: "Balógun kí yín. Ó ní kí ẹ kó gbogbo ọkùnrin tó lè gbé ọ̀kọ̀ wá, kí olórí yín wá fi orí balẹ̀, kí ó sì gbé ìṣákọ́lẹ̀ dání. Bí ọjọ́ karùn-ún bá pé tí ẹ kò wá, ẹ̀yin náà mọ bí ewé ṣe máa ń jó nínú ọyẹ́."

Wọ́n jókòó láti jíròrò. Ibí ni mo ti ṣèlérí pé n kò ní fo ọ̀rọ̀. Láwóyin dìde, ó ní kí wọ́n gbà. "Mo ti rí Ajùbà nígbà tí ó ní odi," ó wí. "Odi gan-an kò gbà wá là. Ọkùnrin mọ́kànlélógún ni a ní. Bí a bá fi wọ́n sílẹ̀, àwọn yòókù á yè. Ẹ jẹ́ kí n lọ dọ̀bálẹ̀. Ìdọ̀bálẹ̀ kì í pani."

Ọ̀pọ̀ nínú wọn ló fẹ́ gbà á gbọ́. Ọdẹ́bùnmi dìde níkẹyìn, ohùn rẹ̀ kò sì ga ju bó ṣe máa ń rí lọ.

"Bàbá, ẹ̀yin ni ẹ kó wa jáde, a kò ní gbàgbé. Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ mi. Àwọn ọmọ wa mọ́kànlélógún tí ẹ fẹ́ fún un, ibo ni yóò rán wọn lọ? Yóò rán wọn lọ sun ìlú àwọn ẹlòmíràn. Àwọn mẹ́tàléláàádọ́rin kan yóò tún sá wọ igbó kan, àwọn ọmọ wa ni yóò sì máa lé wọn. Ẹ̀yin ní ìdọ̀bálẹ̀ kì í pani. Àwọn wo ló sun Ajùbà? Ọmọ àwọn tó dọ̀bálẹ̀ ni. Mo ti gbé ilẹ̀ lórí kọjá ibi tó jó nígbà mẹ́rìnlá. N kò gbé e kí n lè tún wò ó kí ó jó. Ẹni tó bá fẹ́ lọ, kó lọ; a kò ní dè é. Èmi kò lọ síbì kankan."

Lẹ́yìn ọ̀rọ̀ yìí ó lọ sí ìdí ọ̀gán, ó ki ọwọ́ bọlẹ̀. Olú bi í pé kí ni ogun. Ó ṣàlàyé. Olú ní igi máa ń bá igi du oòrùn, ṣùgbọ́n òun kò rí igi tí ń kó ọmọ igi mìíràn lọ láti fi pa ẹ̀kẹta rí. "Mo lè fa omi odò sókè sínú gbogbo ewé," ni Olú wí. "Mo sì lè sọ fún ìkán pé kí wọ́n jẹ ohunkóhun tí ó jẹ́ igi. Ṣùgbọ́n n kò ní ojú, n kò mọ ẹni tó jẹ́ tiyín. N kò sì lè dé ọ̀hún."

"Ẹsẹ̀ wà," ni Ọdẹ́bùnmi dáhùn. "Èmi ni n ó ṣe ojú."

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kejì ó kọjá odò. Agbọ̀n ńlá kan ni ó gbé rù, ìṣù ilẹ̀ ọ̀gán ló wà nínú rẹ̀, ìkán kún inú ilẹ̀ náà, olú funfun sì hù bò ó. Wọ́n mú un dé iwájú Arógunmásàá, níbi tí ó jókòó sí lórí awọ ẹkùn. Ọkùnrin náà kò burú lójú. Àwọn tó rí i sọ pé ó máa ń rẹ́rìn-ín músẹ́.

"Mo ní kí olórí yín wá. Obìnrin ni wọ́n rán sí mi?"

"Wọn kò rán mi. Mo wá bi ọ́ bóyá o mọ̀ pé ilẹ̀ náà ní ẹni tó ni ín." Ìwọ ni ó ń pè é níṣojú àwọn ọ̀gágun rẹ̀, ẹni tí ọba ń pè ní ẹ̀yin.

"Ta ni olú yín?" ni Arógunmásàá béèrè.

Ọdẹ́bùnmi sọ agbọ̀n náà kalẹ̀. "Òun rèé."

Arógunmásàá rẹ́rìn-ín títí omi fi jáde lójú rẹ̀. Ó dìde, ó fi ẹsẹ̀ ta agbọ̀n náà, ilẹ̀ àti olú sì fọ́n ká gbogbo ibùdó. Àwọn ọ̀gágun náà fi bàtà tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀ láti fi wù ú. Kò sí ẹni tó lè gbìn ín dáadáa tó bẹ́ẹ̀. Wọ́n de Ọdẹ́bùnmi mọ́ èèkàn ńlá kan láàárín ibùdó pé kí ó dúró wo bí igbó rẹ̀ yóò ṣe jó, wọ́n sì bọ́ sálúbàtà rẹ̀ láti fi tàbùkù rẹ̀. Bí àtẹ́lẹsẹ̀ rẹ̀ ṣe kan ilẹ̀, ó gbọ́ Olú, ohùn rẹ̀ kéré bí ti ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jí.

"Ohun wúwo pọ̀ lórí mi," ni Olú wí. "Ẹsẹ̀ ni?"

"Ẹsẹ̀ ni."

"Tiyín ni?"

"Kì í ṣe tiwa."

"Ṣé kí n pa wọ́n? Mo ní olú kan tó jẹ́ pé eruku rẹ̀ nìkan tó."

Ọdẹ́bùnmi kò dáhùn lọ́jọ́ náà. Ní ọjọ́ kejì tí ó wà níbẹ̀, ọmọ ogun kan bu omi wá fún un, ó sì yí ojú sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan kí obìnrin náà má baà rí ojú òun. Ọdẹ́bùnmi dá a mọ̀. Ògúnrìndé ni, ọmọ alágbẹ̀dẹ tí ilé wọn kọjú sí tirẹ̀ ní Ajùbà.

"Ẹ̀gbọ́n Àjíún," ó wí, "ẹ má wò mí."

"Kí ló dé tí n kò fi ní wò ọ́? Wọ́n fún ọ ní ọ̀kọ̀?"

"Wọ́n fún mi. Bí n kò bá gbà á, àbúrò mi ni wọn ì bá pa. Gbogbo wa níbí, bẹ́ẹ̀ ló ṣe rí. Kò tó igba ènìyàn tó jẹ́ ọmọ Ìlọ̀dàn níbí."

Ọdẹ́bùnmi mu omi náà tán. Nígbà tí ọkùnrin náà lọ, ó sọ fún Olú pé: "Má pa wọ́n. Ohun tí wọ́n dì mọ́wọ́ ni kí o gbà."

Báyìí ni ìkán ṣe bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Àwọn ọmọ ogun máa ń gún ìdí ọ̀kọ̀ mọ́lẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ àgọ́ wọn, wọ́n á sì tẹ́ ọrun àti apó ọfà sílẹ̀. Láti ìsàlẹ̀ ni ìkán gbà wọlé, inú igi ni wọ́n jẹ, wọ́n sì fi èèpo rẹ̀ sílẹ̀, tó fi jẹ́ pé ẹni tó bá wò ó yóò rò pé igi ṣì wà níbẹ̀. Èèkàn tí wọ́n de Ọdẹ́bùnmi mọ́ kò gbẹ́yìn. Ní ọjọ́ kẹta tí ó wà níbẹ̀, igi náà ti di lẹ́búlẹ́bú nínú. Bí ó bá fà á díẹ̀ ni, ì bá bọ́, odò kò sì jìnnà. Òun náà mọ̀. Ó dúró gbọn-in, ó tún fi ẹ̀yìn tì í jẹ́jẹ́ kí ó má baà ya, nítorí pé bí ó bá kúrò níbẹ̀, Olú kò ní ojú mọ́. Ọjọ́ kan àti òru kan gbáko ni akọni obìnrin yìí fi de ara rẹ̀ mọ́ igi tí kò dè é.

Nígbà tí ọjọ́ karùn-ún pé, oòrùn ti ga, ọyẹ́ ń fẹ́. Arógunmásàá rán ọgọ́rùn-ún ènìyàn kọjá odò pẹ̀lú ògùṣọ̀. Wọ́n ju iná sínú igbó, iná ṣẹ́jú, ó kú. Wọ́n tún jù ú. Ewé tó yẹ kí ó máa fọ́ bí àkàrà gbígbẹ ń kán omi sí wọn lórí. Odò Àwẹ̀rí ti fà tó ìgbọ̀nwọ́ kan, gbogbo omi tó fà náà sì ti wà lókè nínú ewé. Arógunmásàá kò rẹ́rìn-ín mọ́. Ó pàṣẹ kí gbogbo ogun gbé ọ̀kọ̀, kí wọ́n kọjá odò, kí wọ́n fi ọwọ́ pa ohun tí iná kò lè pa. Ẹgbẹ̀rún méjì ọwọ́ di ọ̀kọ̀ mú lẹ́ẹ̀kan náà, ẹgbẹ̀rún méjì ọ̀kọ̀ sì fọ́. Irin ń bọ́ lulẹ̀ gbàgà-gbàgà káàkiri ibùdó, eruku igi sì kún àtẹ́lẹwọ́ wọn.

Arógunmásàá yíjú sí Ọdẹ́bùnmi. Ó fa idà yọ, èèkù rẹ̀ fọ́ mọ́ ọn lọ́wọ́, ó fi aṣọ wé irin náà, ó sì tọ̀ ọ́ lọ. Ọdẹ́bùnmi fi agbára fa èèkàn, èèkàn já, ó gbé ọwọ́ òsì dí idà. Idà náà gé ọwọ́ náà láti ọrùn ọwọ́. Kí Arógunmásàá tó gbé e sókè lẹ́ẹ̀kejì, Ògúnrìndé ti dúró láàárín wọn láìní ohun kan lọ́wọ́.

Ẹ̀jẹ̀ ń dà, ṣùgbọ́n Ọdẹ́bùnmi dúró lórí ẹsẹ̀ rẹ̀, ó sì sọ̀rọ̀ sí gbogbo ogun náà. Ọjọ́ kan ṣoṣo tí wọ́n gbọ́ ohùn rẹ̀ lókè nìyẹn. "Mo lè pa yín lọ́jọ́ tí mo dé. Ẹ béèrè lọ́wọ́ ara yín ìdí tí ẹ fi ń mí. Ẹ̀yin ọmọ àwọn ìlú tó jó, ọ̀kọ̀ tí ọkùnrin yìí fi dè yín ti já. Kò kù ju òun àti ẹnu rẹ̀ lọ. Ẹni tó bá ṣì fẹ́ ṣe ẹrú rẹ̀, láti òní lọ, kó mọ̀ pé òun ló fẹ́ ẹ."

Kò sí ẹni tó kọlu Arógunmásàá. Wọ́n kàn bẹ̀rẹ̀ sí í lọ, ní méjì, ní mẹ́ta, ní ogún, olúkúlùkù kọrí sí ibi tí ilé rẹ̀ ti wà rí. Ó pàṣẹ, ó búra, ó ṣèlérí. Nígbà tí ọjọ́ rọ̀, àwọn ará Ìlọ̀dàn nìkan ló kù lẹ́yìn rẹ̀, àwọn náà kò sì wò ó lójú. Kò kó ogun jọ mọ́ títí ó fi kú.

Ògúnrìndé gbé Ọdẹ́bùnmi kọjá odò. Olú bo ojú ọgbẹ́ rẹ̀ bí ó ti bo ti Abíọ́nà, obìnrin náà sì wà láàyè fún ọdún mọ́kànlélógójì sí i. Ọ̀tàlénígba nínú àwọn ọmọ ogun tí kò ní ilé mọ́ wá tọrọ ilẹ̀. Láwóyin baba ńlá mi ló dúró ní etí odò láti gbà wọ́n, òun ló sì ń bi wọ́n ní ìbéèrè tí a ṣì ń bi gbogbo àlejò tó bá fẹ́ gbé lọ́dọ̀ wa: kí ni o mú wá? Àwọn kan mú iṣẹ́ irin wá, àwọn kan orin. Ọkùnrin arọ kan ní òun mú ìtàn wá, wọ́n sì fún un ní ilẹ̀ tó dára jù. Ìlú tí wọ́n tẹ̀dó náà ni Abólúgbé, ìlú àwọn tí ń bá Olú gbé. Ẹnikẹ́ni kì í wọ bàtà nínú ìgbìmọ̀ rẹ̀. Wọ́n fẹ́ fi Ọdẹ́bùnmi jọba, ó kọ̀. Nígbà tí Ìlọ̀dàn fi adé ìlẹ̀kẹ̀ ránṣẹ́ sí i láti fi wá àlàáfíà, ó tú ìlẹ̀kẹ̀ náà, ó pín in fún àwọn ọmọdébìnrin ìlú ní ẹyọ kọ̀ọ̀kan, ó sì dá fìlà rẹ̀ padà.

Láti ìgbà náà Abólúgbé kò jẹ ọba. Nígbà tí ìjọba òyìnbó dé, akọ̀wé kan wá pẹ̀lú ìwé ńlá, ó ní kí wọ́n sọ orúkọ ọba ìlú kí òun kọ ọ́ sílẹ̀. Orúkọ gbogbo àgbà ilé ni wọ́n kà fún un. Ó bínú, ó ní àyè ẹnì kan ṣoṣo ló wà nínú ìwé, kí wọ́n fi ẹni tó ju gbogbo wọn lọ hàn òun. Ìyá arúgbó kan tó jẹ́ ọmọ ọmọ Abíọ́nà ní kí ó kọ́kọ́ bọ́ bàtà ná, kí ẹsẹ̀ rẹ̀ lè kan ẹni náà. Akọ̀wé náà kọ̀. Ó gbé ìwé rẹ̀, ó lọ, àyè náà sì ṣófo.